Yàrá Tí Ẹrù Ń Gbà Kọjá

Àìkú, 6 Júláì

Àdúà ogójì ọjọ́ Màámi parí lánàá. Àwọn ààfáà wá, wọ́n ṣe àdúà, wọ́n jẹun, wọ́n lọ. Mo fọ ìkòkò. Gbogbo ará ilé ń yọ́ mi wò bóyá màá sunkún. Mi ò sunkún. Kì í ṣe pé mò ń mú un mọ́ra o. Ojú mi kàn gbẹ ni, ara mi sì dà bí ara ẹlòmíì.

Nígbà tí àlejò lọ tán ni Àlájì Isiaq, ẹ̀gbọ́n bàbá mi pátápátá, pe ìpàdé sí pálọ̀. Àlájì ní àsìkò ti tó tí àwọn máa tún ilé yìí tò. Bàbá Àgbà ló fi lélẹ̀ kó tó lọ: nínú yàrá márùn-ún tó tẹ̀ lé ara wọn ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, àkọ́bí ni kó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ géètì, kí àwọn tó kù tẹ̀ lé e bí wọ́n ṣe bí wọn. Ó rí bẹ́ẹ̀ títí wọ́n fi dí géètì àtijọ́, tí wọ́n la tuntun sí òpópónà kejì. Iwájú ilé di ẹ̀yìn, ẹ̀yìn di iwájú. Látìgbà náà ni Àǹtí Munirat, àbíkẹ́yìn, ti ń jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ géètì bí olóyè, tí Àlájì sì ń sùn lẹ́gbẹ̀ẹ́ ṣáláńgá.

"Ọdún wo ni mo máa gbóòórùn yín dà?" Àlájì bi àwọn àbúrò wọn. Àǹtí Munirat ń wo òkè àjà.

Yàrá Màámi ò sí lára márùn-ún yẹn. Òdìkejì ọ̀dẹ̀dẹ̀ ni tiwa wà, bàbá mi ni wọ́n fún nígbà ayé wọn. Àlájì ní bí àwọn bá ti tò tán, Kàmál ọmọ àwọn á kó ìyàwó tó fẹ́ fẹ́ wọbẹ̀. "Látìgbà tí ìyá ẹ ti kú, Rúkà, yàrá yẹn ti tóbi jù fún ẹnì kan."

Gbogbo wọn ń sọ ọ̀rọ̀ yẹn bí ìgbà tí èèyàn ń sọ pé wọ́n ti mú iná lọ. Èmi ò tíì fi ẹnu mi sọ ọ́ rí; "ìgbà náà" ni mo ń pè é.

Túsìdeè, 8 Júláì

Mo lọ rí Dókítà Adébùnmí, olùkọ́ mi ní yunifásítì, lórí iṣẹ́ àṣekágbá mi. Wọ́n bá mi kẹ́dùn, wọ́n ní kí n lọ sinmi. Mo ní mi ò mọ ohun tí wọ́n ń fi ìsinmi ṣe. Wọ́n wò mí, wọ́n ní ó dáa, kí n mú iṣẹ́ jáde.

Orí kan náà ni mo ṣì wà. Tí kọ̀ǹpútà bá ń to nǹkan láti kékeré dé ńlá, ẹ̀ẹ̀melòó ló máa pààrọ̀ ipò wọn kó tó parí? Ọ̀nà mẹ́ta ni mo mú. Nínú ti aládùúgbò, àwọn méjì tó múlé ti ara wọn nìkan ló lè pààrọ̀. Ti aṣàyàn ní kí o wá ẹni tó kéré jù nínú gbogbo wọn, kí òun àti ẹni tó jókòó sí àyè rẹ̀ pààrọ̀, bó ti wù kí wọ́n jìnnà síra tó. Ti akìbọ̀ ní kí o fa ẹnì kan yọ, kí àwọn yòókù sún, kí o wá kì í bọ inú àlàfo tó ṣí sílẹ̀.

Dókítà ní kí n kọ́kọ́ fi nọ́ńbà márùn-ún tó dorí kodò dán an wò: márùn-ún, mẹ́rin, mẹ́ta, méjì, ọ̀kan. Aládùúgbò pààrọ̀ lẹ́ẹ̀mẹwàá. Aṣàyàn, ẹ̀ẹ̀mẹrin. Mo kọ ọ́ sílẹ̀, mo pa kọ̀ǹpútà dé. Inú kẹ̀kẹ́ ni mo wà lójú ọ̀nà Pedro nígbà tó yé mi pé ilé wa ni mo ṣírò yẹn. Márùn-ún tó dorí kodò.

Jímọ́ọ̀, 11 Júláì

Àlájì ti mọ́ṣáláṣí dé, wọ́n pè mí. "Ìwọ tó ń kẹ́kọ̀ọ́ kọ̀ǹpútà. Báwo la ṣe máa ṣe pààrọ̀ yìí tí ò fi ní dìjà?"

Ohun tó yẹ kí n sọ ò le rárá. Kí Àlájì àti Àǹtí Munirat pààrọ̀. Kí Àǹtí Rọ̀kíbátù, èkejì, àti Bọ̀dá Yaqub, ẹ̀kẹrin, pààrọ̀. Àǹtí Sàwúdátù tó jẹ́ ẹ̀kẹta kó jókòó síbi tó wà. Ẹ̀ẹ̀mejì péré. Lọ́jọ́ Mọ́ńdè, Kàmál á ti máa kun yàrá Màámi.

Ohun tí mo sọ ni pé: "Àlájì, kò dáa kí ẹnikẹ́ni fo ẹnikẹ́ni. Ẹ jẹ́ kí àwọn tó múlé ti ara wọn máa pààrọ̀, díẹ̀díẹ̀, títí kálukú á fi dé ipò ẹ̀."

Inú Àlájì dùn débi pé wọ́n pàtẹ́wọ́. "Ẹ ò gbọ́! Ìwé ò ba ọmọ yìí jẹ́. Kò sẹ́ni tó máa fo ẹ̀gbọ́n ẹ̀ nínú ilé yìí!"

Ẹ̀ẹ̀mẹwàá nìyẹn. Ọ̀kan ní Sátidé, ọ̀kan ní Àìkú, torí pé kálukú ń lọ síbi iṣẹ́ láàárín ọ̀sẹ̀. O ò sì lè pààrọ̀ ẹrù yàrá méjì láìsí ibì kan tó ṣófo tí ẹrù àkọ́kọ́ máa dúró sí. Kọ̀ǹpútà gan-an ò lè ṣe é. Nílé wa, yàrá Màámi ni ibẹ̀. Níwọ̀n ìgbà tí wọ́n bá ṣì ń pààrọ̀, wọn ò lè fún Kàmál.

Irọ́ kọ́ ni mo pa, ọ̀nà tó jìn ni mo júwe. Kò ṣe mí bíi pé mo ṣẹ̀. Kò ṣe mí bíi nǹkan kan.

Sátidé, 12 Júláì

Pààrọ̀ àkọ́kọ́: Àǹtí Munirat àti Bọ̀dá Yaqub. Òjò ń pa wá bọ̀ látàárọ̀. Fíríìsà Àǹtí Munirat ló kọ́kọ́ wọ yàrá Màámi, lẹ́yìn náà àpótí, lẹ́yìn náà àwọn ìkòkò tí mi ò mọ̀ pé ẹnì kan lè ní tó bẹ́ẹ̀. Bọ̀dá Yaqub ń ṣiṣẹ́ nílé ìtẹ̀wé ní Ṣómólú níbí, ìwé ló kún yàrá wọn: kàlẹ́ńdà ọdún tó ti kọjá, ìwé ìpè ìgbéyàwó àwọn tí ìgbéyàwó wọn ti tú.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ da èyí nù," ni Àǹtí Munirat wí.

"Ìwọ da ìkòkò tìẹ nù ná."

Nígbà tó máa fi di àkókò ìrun àṣálẹ́, wọ́n ti kó gbogbo ẹ̀ jáde. Mo tún tẹ́ mátírẹ́ẹ̀sì Màámi sílẹ̀. Omi yìnyín fíríìsà ti rin ẹ̀gbẹ́ kan.

Àìkú, 13 Júláì

Àǹtí Munirat àti Àǹtí Sàwúdátù. Àǹtí Sàwúdátù ló ń bọ́ mi látìgbà náà. Aránṣọ ni wọ́n, híjáàbù ni wọ́n ń rán jù, orúnkún ọ̀tún sì ń yọ wọ́n lẹ́nu. Nígbà tí wọ́n gbé àpò aṣọ wọn dé ẹnu ọ̀nà yàrá Màámi, wọ́n dúró, wọ́n sálámà sínú yàrá tí kò sí ẹnì kankan kí wọ́n tó wọlé. Àwọn yòókù ń wọlé bí ẹni wọ ọjà ni.

"Ọmọ mi, o ti jẹun?"

Mo ní mo ti jẹun. Wọ́n wò mí lójú, wọ́n lọ bu ìrẹsì wá. Mo jẹ ẹ́. Mi ò mọ adùn ẹ̀, ṣùgbọ́n mo jẹ ẹ́ tán.

Wẹ́sìdeè, 16 Júláì

Dókítà Adébùnmí fi bírò pupa yí nọ́ńbà mi ká. "Ruqoyyah, ẹ̀ẹ̀mẹrin fún ti aṣàyàn? Níbo lo ti rí mẹ́rin?"

Mo ní ohun tí kọ̀ǹpútà kà ni.

"Ohun tí o ní kó kà ló kà. Wò ó." Wọ́n kọ márùn-ún náà sílẹ̀, wọ́n pààrọ̀ ẹni ìkíní àti ẹni ìkẹyìn, wọ́n pààrọ̀ ìkejì àti ìkẹrin. "Ó ti tò. Lẹ́yìn náà, ìwọ gbé ti àárín, o gbé e kalẹ̀ síbi tó ti wà tẹ́lẹ̀, o kà á. O tún ṣe bẹ́ẹ̀ fún ìkẹrin. Ohun tó ti wà níbi tó yẹ kó wà, kí lo tún gbé e fún?"

Mo ní wọ́n ṣeun. Mo tún un ṣe lójú wọn, ìlà kan ṣoṣo ni: bí ipò méjèèjì bá jẹ́ ọ̀kan náà, má kà á. Ó di méjì. Dókítà bi mí bóyá ara mi yá. Mo ní ara mi le.

Àìkú, 20 Júláì

Ẹ̀kẹrin. Àǹtí Munirat ti dé ẹ̀yìn pátápátá, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ṣáláńgá. Wọ́n ní ibẹ̀ tutù. Irọ́ ni.

Ọjọ́bọ̀, 24 Júláì

Tòmátì ti di wúrà ní ọjà Bàríga. Ata ṣọ̀ǹbọ̀ ni mo rà, mo fi se ọbẹ̀. Àlájì jẹ ẹ́, wọ́n mu omi, wọ́n ní kí Ọlọ́hun forí jin ẹni tó se é.

Ṣàdédé ni mo bá ara mi tí mò ń bu ọbẹ̀ sí abọ́ Màámi. Mo dà á padà sí ìkòkò.

Sátidé, 26 Júláì

Ẹ̀karùn-ún. Àǹtí Sàwúdátù àti Bọ̀dá Yaqub. Báyìí, Àǹtí Sàwúdátù ló wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ géètì, níbi tí kì í ṣe tiwọn.

"Ẹ káàbọ̀, Ìyálóde Géètì!" Bọ̀dá Yaqub ń fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́.

"Mi ò bẹ̀bẹ̀ fún un o. Ariwo ọ̀kadà ni màá máa gbọ́ nígbà tí mo bá ń kírun."

Kàmál wá bá mi níbi tí mò ń gbálẹ̀. Ó ti ra ọ̀dà, agolo náà wà lẹ́nu ọ̀nà yàrá Màámi láti ọ̀sẹ̀ tó kọjá. Kàmál ò burú, ẹ̀rín ló pọ̀ lẹ́nu ẹ̀. "Rúkà, kọ̀ǹpútà yín ò yára o. Ìyàwó mi ń bi mí pé ṣé ilé wa ni tàbí ọjà tí wọ́n ń palẹ̀ ẹ̀ mọ́."

"Ẹ̀tọ́ ò ṣeé kánjú ṣe," ni mo wí. Bí àgbàlagbà ni mo ṣe sọ ọ́. Ó kí mi kú iṣẹ́, ó sì lọ.

Sátidé, 2 Ògọ́ọ̀sì

Ẹ̀keje. Àlájì ti dé àárín. Wọ́n ń kọrin. Wọ́n ní afẹ́fẹ́ ibẹ̀ yàtọ̀.

Mo jókòó sínú yàrá Màámi lẹ́yìn tí ẹrù jáde. Òórùn oríṣiríṣi ló wà níbẹ̀ báyìí, ti tàdáwà ìwé, ti ẹja inú fíríìsà, ti oògùn ẹ̀fọn. Mo wá òórùn Màámi lára ògiri, mi ò rí i. Mo rò pé ó yẹ kó dùn mí.

Àìkú, 3 Ògọ́ọ̀sì

Ẹ̀kẹjọ. Àǹtí Sàwúdátù àti Àǹtí Rọ̀kíbátù. Òjò ti fọ́n sí ọ̀dẹ̀dẹ̀. Bọ̀dá Yaqub gbé orí ẹ̀rọ ìránṣọ, Àǹtí Sàwúdátù ní àwọn á gbé ẹsẹ̀ ẹ̀, irin tó wúwo yẹn, kí wọ́n má bàa fi họ sìmẹ́ǹtì. Lẹ́nu ọ̀nà yàrá Màámi, wọ́n dúró láti sálámà. Orúnkún yẹn yẹ̀. Wọ́n ṣubú, irin náà já lu ọrùn ẹsẹ̀ wọn.

Mo gbọ́ bó ṣe dún. Àǹtí ò pariwo, "Láìláhà ilalláhù" nìkan ni wọ́n ń wí, léraléra. Kẹ̀kẹ́ la fi gbé wọn lọ sí ilé ìwòsàn eegun ní Igbóbì. Wọ́n ní eegun ti ṣẹ́.

Àwọn tó kù parí pààrọ̀ náà lẹ́yìn wa. Àlájì ní iṣẹ́ kì í dúró láàárín.

Túsìdeè, 5 Ògọ́ọ̀sì

Mo gbé ẹ̀kọ àti mọ́ínmọ́ín lọ sí Igbóbì. Wọ́n ti fi sìmẹ́ǹtì funfun di ẹsẹ̀ Àǹtí Sàwúdátù dé orúnkún. Wọ́n jókòó, wọ́n ń bá obìnrin tó wà ní bẹ́ẹ̀dì kejì ṣàwàdà. Nígbà tí obìnrin náà sùn, mo ṣí ẹnu, mo sọ ọ́.

"Àǹtí, yàrá yín ò yẹ kó kúrò níbi tó wà rárá. Ẹ̀ẹ̀mejì péré ló yẹ kí gbogbo ẹ̀ gbà. Mo mọ̀ látìbẹ̀rẹ̀. Mo ń gbé yín káàkiri kí wọ́n má bàa fún Kàmál ní yàrá wa. Èmi ni mo ṣẹ́ yín lẹ́sẹ̀."

Àǹtí jẹ mọ́ínmọ́ín tó wà lẹ́nu wọn tán. "Ṣé o rò pé mi ò mọ̀ ni? Èmi ni àárín nínú àwa márùn-ún. Kí géètì wà lọ́tùn-ún, àárín ni mo wà. Kó wà lósì, àárín náà ni. Kí lo fẹ́ fi kọ̀ǹpútà sọ fún mi níbẹ̀?"

"Kí ló dé tí ẹ ò sọ̀rọ̀?"

"Mo rí ẹ bí o ṣe máa ń tún mátírẹ́ẹ̀sì ìyá ẹ tẹ́ tí wọ́n bá ti kó ẹrù jáde. Mo ní ẹ jẹ́ kó ṣì wà níbẹ̀. Tó bá jẹ́ orúnkún mi ló máa dùn mí sí i, kó dùn mí." Wọ́n wo sìmẹ́ǹtì ẹsẹ̀ wọn. "Irin ẹ̀rọ ni mi ò bá ṣàdéhùn."

Wọ́n rẹ́rìn-ín. Èmi ò lè rín. Ojú tì mí. Ó tì mí láti orí dé àtàǹpàkò. Òun ni nǹkan àkọ́kọ́ tó ṣe mí látìgbà náà.

"Yàrá àárín gba bẹ́ẹ̀dì méjì," Àǹtí wí. "Ta ló máa bá mi gbé omi ìwẹ̀ pẹ̀lú ẹsẹ̀ yìí? Kó mátírẹ́ẹ̀sì ìyá ẹ wá. Ìyẹn tóo bá fẹ́."

Jímọ́ọ̀, 8 Ògọ́ọ̀sì

Mo kúnlẹ̀ fún Àlájì. Mo ní pààrọ̀ méjì ló kù, ṣùgbọ́n kò pọn dandan ká pààrọ̀ mọ́. "Ẹ kó ẹrù yín wá sí yàrá Màámi lọ́la. Àárín á ṣófo. Ká sún ẹrù Àǹtí Sàwúdátù padà síbẹ̀, ká sún ti Àǹtí Rọ̀kíbátù sí ìkejì, kí ẹ̀yin wá wọ iwájú. Ọjọ́ kan ni."

"Ó yá tó bẹ́ẹ̀? Kí ló wá dé tí o ò wí látọjọ́ yìí?"

"Mi ò fẹ́ kúrò nínú yàrá Màámi ni, sà."

Mo ń dúró kí wọ́n bínú. Àlájì ṣí fìlà, wọ́n fi nu ojú. "O ò bá wí fún mi, ọmọ yìí. Àbúrò mi ló bí ẹ."

Sátidé, 9 Ògọ́ọ̀sì

Oòrùn mú. Kí ẹrù Àlájì tó wọlé, mo ti kó tiwa jáde láàárọ̀: mátírẹ́ẹ̀sì, aṣọ Màámi, bùùtà wọn, kúbúsù tí wọ́n fi ń kírun. Gbogbo ẹ̀ ò ju ẹ̀ẹ̀mẹta tí mo lọ tí mo bọ̀ lọ.

Gbogbo wọn sún bí mo ṣe wí. Nígbà tó yá, Bọ̀dá Yaqub àti Kàmál kó ẹrù Àlájì jáde lọ síwájú, Àlájì ń tẹ̀ lé wọn, wọ́n ń ké pé kí wọ́n má fọ́ díńgí àwọn. Mo mú ìgbálẹ̀, mo wọlé láti gbá yàrá Màámi.

Kò sí nǹkan kan níbẹ̀. Látìgbà náà, ẹrù ẹnì kan kì í ṣaláì sí níbẹ̀, tiwa tàbí ti ẹlòmíì. Èyí ni ìgbà àkọ́kọ́ tó ṣófo. Mo rí àmì ibi tí ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀dì Màámi àtijọ́ ti wà lára sìmẹ́ǹtì, ihò kéékèèké mẹ́rin. Mo jókòó sáàárín wọn. Ẹkún náà ò tiẹ̀ bi mí kó tó dé. Mo sunkún títí Àǹtí Munirat fi wá dúró lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n gba ìgbálẹ̀ lọ́wọ́ mi, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí gbálẹ̀ yí mi ká.

Wẹ́sìdeè, 20 Ògọ́ọ̀sì

Mo ṣàlàyé iṣẹ́ àṣekágbá mi níwájú àwọn olùkọ́. Ọ̀jọ̀gbọ́n àlejò kan bi mí pé, nínú ọ̀nà mẹ́ta yìí, èwo ló dáa jù?

Mo ní ó wà lọ́wọ́ ohun tí wọ́n ń gbé. Nọ́ńbà ò wúwo, bí o bá pààrọ̀ ẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹwàá kò sẹ́ni tó máa sunkún. Ṣùgbọ́n bó bá jẹ́ ohun tí gbígbé ẹ̀ nira, ẹ kọ́kọ́ wò ó bóyá ó ti wà níbi tó yẹ, kí ẹ fi sílẹ̀.

Dókítà Adébùnmí mi orí. Wọ́n ní mo yege, kí n lọ tún àwọn àṣìkọ ṣe. Mo ra ọsàn lọ́nà fún Àǹtí Sàwúdátù. Wọ́n ti dé láti ọjọ́ Mọ́ńdè, wọ́n na ẹsẹ̀ sìmẹ́ǹtì wọn sórí àpò híjáàbù, wọ́n ń pàṣẹ fún mi bí ọ̀gá ṣọ́jà.

Àìkú, 24 Ògọ́ọ̀sì

Wọ́n so yìgì Kàmál lánàá. Láàárọ̀ yìí, ìyàwó ẹ̀, Morọ́láyọ̀, ń to ẹrù. Ọ̀dà ara ògiri ṣì ń rùn. Mo ń kọjá lọ, ó pè mí, ó ní kí n jọ̀ọ́ bá òun di ẹ̀gbẹ́ kan bẹ́ẹ̀dì mú. Abẹ́ fèrèsé ló fẹ́ gbé e sí.

"Má gbé e síbẹ̀," ni mo wí. "Òjò máa ń fọ́n gba ibẹ̀ wọlé. Ìgbà àkọ́kọ́ tó bá rọ̀, wàá jí lórí omi. Ẹ̀gbẹ́ ògiri yìí ni wọ́n máa ń gbé e sí."

A gbé e. Ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀dì náà fẹ́rẹ̀ẹ́ bọ́ sínú ihò mẹ́rẹ̀ẹ̀rin gẹ́lẹ́.

"Ẹ ṣé gan-an ni. Yàrá ẹrù ni Kàmál pè é fún mi. Ẹnì kan ń gbé ibí tẹ́lẹ̀ ni?"

"Màámi ló ń gbé ibí," ni mo wí. "Màámi ti kú."